Àfikún ọkọ̀ ìdíje àtijọ́ fún géèmù eré ọkọ̀: èwo ni ká gbà, èwo ni ká pa tì?

Ìbéèrè: Ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n, ẹ gbà mí o. Mo ní Assetto Corsa lórí kọ̀ǹpútà mi, àwọn sálúùnù ìdíje ayé ọdún 1980 sí 2000 ni mo sì fẹ́ràn jù: BMW M3 E30, Ford Sierra RS500, Volvo 850, Nissan Primera. Mo ti gba àfikún rẹpẹtẹ látorí íntánẹ́ẹ̀tì títí détà mi fi tán, síbẹ̀ ìdajì wọn ò dáa. Òmíràn lẹ́wà lójú, àmọ́ kò ṣeé darí. Àwọn tí táyà iwájú ń fà ló burú jù, mi ò rí wọn wà rárá, ẹ̀yìn wọn a kàn yí po. Ọ̀rẹ́ mi kan ní kí n padà sórí rFactor, géèmù eré ọkọ̀ àtijọ́ nì. Òmíràn ní kí n ṣáà gba gbogbo rẹ̀, kí n wá máa ṣà á. Kí lẹ rí sí i?

* * *

Má gba gbogbo rẹ̀, àbúrò. Mú sáà kan ṣoṣo, kí o sì dúró tì í.

Ohun tó ń da àwọn tó ń gba àfikún láàmú nìyẹn. Wọ́n á kó Sierra, Alfa 155 àti Primera sínú eré kan náà, ọkọ̀ kan á fi òmíràn sílẹ̀ sẹ́yìn láìwẹ̀yìn, wọ́n á wá ní àfikún náà ni kò dáa. Òfin mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ló bí àwọn ọkọ̀ yẹn, a ò sì kọ́ wọn láti bá ara wọn díje.

Group A ló ṣáájú. Ilé iṣẹ́ gbọ́dọ̀ ti ṣe 5,000 ọkọ̀ náà fún títà kó tó lè gbé e wá sí pápá; tó bá fẹ́ kó le sí i, ó lè ṣe 500 míì tí wọ́n ti tún ara rẹ̀ ṣe. Ọ̀nà yẹn ni Sierra RS500 gbà wọlé ní 1987. Ẹ́ńjìnnì lítà méjì ni, pẹ̀lú túbò ńlá, èyí tí wọ́n fi ń díje sì ń mú agbára ẹṣin tó lé ní 500 jáde, táyà ẹ̀yìn méjì péré ló sì ń gbé gbogbo ìyẹn dé ilẹ̀. M3 E30 kò ní túbò, ó fúyẹ́, kọ́nà ló ti ń jẹun. Nígbà tí Nissan Skyline GT-R dé pẹ̀lú táyà mẹ́rin tó ń fà, ó borí gbogbo wọn: Jim Richards àti Mark Skaife fi gba eré ńlá Bathurst ní Ọsirélíà ní 1991 àti 1992. Ọdún tó tẹ̀ lé e, Ọsirélíà pa Group A tì, wọ́n gba V8 lítà márùn-ún.

Lẹ́yìn náà ni Class 1 dé sí DTM, ìdíje sálúùnù ilẹ̀ Jámánì, ní 1993. Alfa Romeo 155 V6 TI, Mercedes C-Class, Opel Calibra. V6 lítà méjì àtààbọ̀, ẹ̀rọ kọ̀ǹpútà kún inú wọn. Nicola Larini fi Alfa gba ife ní ọdún àkọ́kọ́ yẹn. Nígbà tó fi máa di òpin 1996, owó tí wọ́n ń ná sórí ọkọ̀ kan ti pọ̀ débi pé Alfa àti Opel kúrò, ìdíje náà sì dáwọ́ dúró.

Ẹ̀kẹta ni Super Touring, tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Lítà méjì, kò sí túbò, ẹ́ńjìnnì ò gbọdọ̀ yí kọjá 8,500 ní ìṣẹ́jú kan. Bí 300 ni agbára ẹṣin wọn. Èyí ni ti Primera àti Volvo tí o dárúkọ.

Tóò. Ìbéèrè rẹ kó Group A àti Super Touring pọ̀. Mú ọ̀kan.

* * *

Àwọn kan ti dá sí i pé àwòrán ló ṣe pàtàkì jù, pé tí ọkọ̀ bá ti jọ ti gidi, ìyókù á tọ̀ ọ́ lẹ́yìn. Mi ò gbà. Mo ti rí Volvo 850 kan tí ìdí ìjókòó rẹ̀, àmì onígbọ̀wọ́ ara rẹ̀, títí dé bẹ́líìtì inú rẹ̀ pé pérépéré. Mo ṣí fáìlì rẹ̀, mo bá TYPE=RWD níbẹ̀: táyà ẹ̀yìn ló ń ti ọkọ̀ tí táyà iwájú ń fà láyé gidi. Ẹni tó ṣe é kàn da fódà M3 E30 tó wà nínú géèmù kọ síbẹ̀, ó yí orúkọ padà, ó parí. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún èèyàn ń wa irú nǹkan bẹ́ẹ̀ kiri, wọ́n sì gbà pé bí Volvo ṣe ń ṣe nìyẹn. Ó ń dùn mí, torí àwọn tó wa ọkọ̀ yẹn gan-an ṣiṣẹ́ kára kí iwájú rẹ̀ tó lè wọ kọ́nà.

Nítorí náà, kó o tó wa ọkọ̀ kan rárá, yẹ inú rẹ̀ wò. Lo Content Manager, ètò tí a fi ń tọ́jú àfikún Assetto Corsa, má fi ti géèmù fúnra rẹ̀ ṣòfò. Nínú content/cars, fódà ọkọ̀ kọ̀ọ̀kan ní data.acd tí wọ́n di gbogbo òǹkà sí. Content Manager lè tú u. Lẹ́yìn náà, wo àwọn wọ̀nyí.

Nínú drivetrain.ini, TYPE á sọ fún ọ bóyá FWD ni (táyà iwájú ló ń fà), RWD (táyà ẹ̀yìn ló ń tì) tàbí AWD (táyà mẹ́rin). Tí ìyẹn bá ti ṣì, pa ọkọ̀ náà rẹ́, má ṣe yẹ ìyókù wò mọ́.

Nínú car.ini, TOTALMASS ni ìwúwo ọkọ̀ pẹ̀lú awakọ̀, láìsí epo. Ọkọ̀ Super Touring yẹ kó wà nítòsí tọ́ọ̀nù kan. Tó o bá rí 1,300, ìwúwo ọkọ̀ tí wọ́n ń gbé lọ sọ́jà ni wọ́n kọ síbẹ̀.

LIMITER inú engine.ini kò gbọdọ̀ ju 8,500 lọ fún Super Touring. Èyí ni àwọn aláfikún máa ń ṣe àṣejù sí, torí ariwo ẹ́ńjìnnì dùn ún gbọ́ lókè. Tí Sierra ni, wo apá TURBO_0 nínú fáìlì kan náà. Túbò ńlá ìgbà yẹn máa ń pẹ́ kó tó jí. Tí agbára bá dé lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀ tó o tẹ̀ ẹ́, RS500 kọ́ nìyẹn.

Tyres.ini ni olórí gbogbo wọn. Lábẹ́ HEADER, wo VERSION. Táyà tí Kunos, ilé iṣẹ́ tó ṣe Assetto Corsa, fi parí iṣẹ́ wọn jẹ́ 10. Tó o bá rí nọ́ńbà kékeré, àfikún náà ti pẹ́, ìgbóná táyà rẹ̀ kò sì ní ṣiṣẹ́ bó ṣe yẹ. Bí ọkọ̀ ṣe ń di ilẹ̀ mú, bó ṣe ń yọ̀, bó ṣe ń rẹ̀ ẹ́ lẹ́yìn ìyípo mélòó kan, inú fáìlì yìí ni gbogbo rẹ̀ ti ń wá.

Má yí òǹkà kankan tó o bá fẹ́ wọ eré orí íntánẹ́ẹ̀tì o. Sáfà máa ń fi data.acd rẹ wé tirẹ̀. Bí wọn ò bá bára mu, ó máa lé ọ jáde.

* * *

Wàyí o, ọ̀rọ̀ ọkọ̀ tí táyà iwájú ń fà. Ẹ̀yin mélòó kan ti ń sọ pé wọn ò dáa fún eré, pé ọkọ̀ ọjà ni wọ́n, pé ọkọ̀ tí ẹ̀yìn ń tì nìkan ni ọkọ̀ ìdíje. Ẹ wo àkọsílẹ̀ BTCC, ìdíje sálúùnù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Gabriele Tarquini gba ife 1994 pẹ̀lú Alfa 155 ti Super Touring, kì í ṣe V6 ti DTM. John Cleland gba 1995 pẹ̀lú Vauxhall Cavalier. Alain Menu gba 1997 pẹ̀lú Renault Laguna, Rickard Rydell gba 1998 pẹ̀lú Volvo S40, Laurent Aiello gba 1999 pẹ̀lú Primera, Menu tún padà gba 2000 pẹ̀lú Ford Mondeo. Táyà iwájú ló fa gbogbo wọn. Nínú ọdún méje yẹn, Frank Biela nìkan ló já a gbà ní 1996 pẹ̀lú Audi A4 quattro, wọ́n di ẹrù lé Audi lórí, nígbà tó sì di 1998 wọ́n fi òfin dé táyà mẹ́rin tó ń fà.

Àbúrò, ìdí tí ẹ̀yìn fi ń yí po lábẹ́ rẹ ni pé ò ń wà á bíi M3. Tí M3 bá fẹ́ yọ̀, o máa gbé ẹsẹ̀ kúrò lórí iná. Tí o bá ṣe bẹ́ẹ̀ fún Primera ní àárín kọ́nà, gbogbo ìwúwo á sáré wá síwájú, táyà ẹ̀yìn á fúyẹ́, á sì gbá ọ yí. Wọ́n mọ̀ọ́mọ̀ mú ẹ̀yìn ọkọ̀ wọ̀nyẹn le kí iwájú lè wọ kọ́nà. Nítorí náà, tó o bá ti rí i pé ẹ̀yìn ń lọ, tẹ̀ ẹ́ sí i. Iwájú á fa gbogbo ara ọkọ̀ tọ́. Kò rọrùn fún ọkàn láti gbà, àmọ́ tó bá ti wọ̀ ọ́ lára, wàá rí i pé ọkọ̀ náà ń gbọ́ ọ̀rọ̀.

Ẹ̀kejì, táyà ẹ̀yìn. Iṣẹ́ tó ń ṣe kéré: kò fà, kò yí, bíréèkì ẹ̀yìn náà ò pọ̀. Nítorí náà ó máa ń pẹ́ kó tó gbóná. Ìyípo àkọ́kọ́ ni ọ̀pọ̀ ń yí po, wọ́n á sì ní mod náà (àfikún náà) ti bàjẹ́. Rọra wà á títí táyà ẹ̀yìn á fi gbóná, tàbí kó o lọ sínú ètò géèmù, kó o tan tyre blankets, kí táyà ti gbóná kó tó bẹ̀rẹ̀. Tí eré bá ti gùn, ìṣòro á yí padà: iwájú ló máa ń jóná, torí òun ló ń fà, òun ló ń yí, òun ló ń dúró. Ẹni tó bá ń tẹ iná nígbà tí sítíárìn rẹ̀ ṣì yí gan-an, ó ń bó táyà iwájú rẹ̀ ni.

Ẹnìkan béèrè nípa ẹsẹ̀ òsì. Bẹ́ẹ̀ ni, fi ẹsẹ̀ òsì tẹ bíréèkì. Tó o bá ń tẹ bíréèkì díẹ̀ nígbà tí iná ṣì wà lórí, ọkọ̀ á dúró ṣinṣin, kò ní gbé ìmú sókè sódò. Èyí ṣe pàtàkì ní Brands Hatch níbi tí ilẹ̀ ti ń lọ sókè sódò, Kunos sì ti ṣe Brands Hatch fúnra wọn, kò nílò àfikún.

Àtúnṣe tí mo máa ń ṣe fún èyí tí iwájú rẹ̀ bá ń lọ tààrà jù: mo máa ń dín bí ọ̀pá ìdúróṣinṣin iwájú ṣe le kù, mo sì máa ń mú ti ẹ̀yìn le díẹ̀. Kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹni tó bá ń yí ogún nǹkan pa pọ̀ kò ní mọ èyí tó ràn án lọ́wọ́.

Sí ẹni tó ní pádì kò lè wà wọ́n: ó lè wà wọ́n. Mú ìyára sítíárìn wálẹ̀ nínú ètò pádì, kó o má sì jẹ́ kí ìka rẹ máa fò kúrò lórí iná lẹ́ẹ̀kan náà. Pádì ni ọ̀pọ̀ wa fi bẹ̀rẹ̀.

* * *

Ẹnìkan bínú pé mo yìn Volvo 850. Ó ní eléyìí tí wọ́n gbé wá ní 1994, tó gùn lẹ́yìn bíi ọkọ̀ akẹ́rù ìdílé, eré ìpolówó lásán ni. Kì í ṣe lásán. Ilé iṣẹ́ TWR ló kọ́ ọ, Rickard Rydell àti Jan Lammers ló wà á. Lóòótọ́, kò gba ife. Àmọ́ ìdí tí wọ́n fi pa á tì fún sálúùnù ní 1995 yẹ ká mọ̀, torí ó kan àwa tó ń gba àfikún.

Ní 1994 náà, Alfa mú 155 wá pẹ̀lú ètè iwájú àti ìyẹ́ ẹ̀yìn tó ṣeé sún jáde, torí pé wọ́n ti tà á bẹ́ẹ̀ fún àwọn oníbàárà. Àwọn tó kù fárí gá. Ní pápá Oulton Park wọ́n ní kí Alfa sún un padà, Alfa sì kó ẹrù wọn kúrò nínú eré ọjọ́ náà. Láti 1995, òfin gba gbogbo ọkọ̀ láyè láti ní ìyẹ́ ẹ̀yìn àti ètè iwájú. Sálúùnù ni irú ìyẹ́ bẹ́ẹ̀ bá mu.

Èyí túmọ̀ sí pé tó o bá gba mod kan tí wọ́n pè ní BTCC 1993, tó o sì rí Cavalier tàbí Primera pẹ̀lú ìyẹ́ ńlá lẹ́yìn, ẹni tó ṣe é kò ka ìtàn. Tí kò bá ka ìtàn fún ìyẹ́ tí gbogbo ojú ń rí, mi ò mọ ìdí tí mo fi máa gbẹ́kẹ̀ lé e fún táyà tí ojú kì í rí.

* * *

Ẹ má bínú tí mo bá yà díẹ̀. Ọ̀pọ̀ wa ló dàgbà nínú àwọn ọkọ̀ yìí. Primera, Carina E, Peugeot 405, Golf: tòkunbọ̀ wọn kún ojú títì Èkó àti Ìbàdàn, ọkọ̀ ilé ìwé ni, ọkọ̀ ọjà ni, ọkọ̀ ìgbéyàwó ni. Carina E yẹn díje ní BTCC. Ní 1993, ní Silverstone, lọ́jọ́ eré Formula 1 ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, Will Hoy àti Julian Bailey wa Toyota méjì ẹgbẹ́ kan náà, wọ́n kọlu ara wọn, ti Hoy sì dojú dé. Tí ẹ bá rí Carina E tí wọ́n ṣe dáadáa fún Assetto Corsa, ẹ wà á. Ohùn ẹ́ńjìnnì rẹ̀ yàtọ̀ pátápátá sí èyí tí a mọ̀ lójú títì, àmọ́ ìlẹ̀kùn yẹn, iwájú yẹn, ẹ máa dá a mọ̀. Ìdí nìyí tí inú mi fi máa ń bàjẹ́ tí wọ́n bá ṣe é ní ìṣekúṣe.

* * *

Lórí rFactor. Ọ̀rẹ́ rẹ kò jẹ̀bi tó bí o ṣe rò. Kọ̀ǹpútà ló máa sọ. rFactor jáde ní 2005, GT Legends ní 2005, GTR 2 ní 2006, RACE 07 ní 2007. Láptọ́ọ̀pù tí kò ní káàdì àwòrán gidi máa gbé gbogbo wọn pẹ̀lú ogún ọkọ̀ lójú pápá, kò ní kọsẹ̀. Assetto Corsa pẹ̀lú Custom Shaders Patch (àfikún tó ń mú ojú géèmù dára sí i) àti òjò àti òkùnkùn, ìyẹn fẹ́ kọ̀ǹpútà tó lágbára, ó sì ń jẹ iná. Ẹni tó ń fi jẹnẹrétọ̀ ṣeré yẹ kó ro ìyẹn mọ́ ọn.

GT Legends ní Mini Cooper àti Lotus Cortina tí ilé iṣẹ́ fúnra wọn ṣe. Power & Glory kó irú ọkọ̀ wọ̀nyẹn wá sínú GTR 2, HistorX sì ṣe ọkọ̀ àtijọ́ fún rFactor. Àfikún ni méjèèjì, wọ́n sì ṣì ga ju ọ̀pọ̀ ohun tí wọ́n ń gbé jáde lónìí, torí pé ẹgbẹ́ kan ló jókòó ti gbogbo ọkọ̀ inú rẹ̀, wọ́n fi òǹkà kan náà wọn gbogbo wọn. Ohun tí mo ń wá nìyẹn. SimBin tó ṣe GT Legends àti GTR 2 pàápàá, aláfikún ni wọ́n kí wọ́n tó di ilé iṣẹ́: géèmù F1 2002 ni wọ́n ṣe mod fún. Ẹni tó ń ṣe mod dáadáa, oníṣẹ́ ni.

Tí o bá lówó díẹ̀, Automobilista 2 ní M3 àti Mercedes 190E Evo II nínú Group A rẹ̀, RaceRoom náà ní àwọn ọkọ̀ DTM 1992. Kò sí pé o ń wá fáìlì kiri.

* * *

Owó. Èyí ni wọ́n ń bá ara wọn jà lé lórí jù. Apá kan ní mod gbọ́dọ̀ jẹ́ ọ̀fẹ́ títí láé. Apá kejì ní ẹni tó ṣiṣẹ́ yẹ kó jẹun.

Èmi gbà pé ẹni tó fi ọwọ́ ara rẹ̀ ya ọkọ̀ nínú Blender (ètò àwòrán orí kọ̀ǹpútà), tó wá òǹkà ẹ́ńjìnnì, tó gba ohùn sílẹ̀, ẹ san owó fún un. Ẹni tó fa ọkọ̀ jáde látinú géèmù míì bíi Forza tàbí Gran Turismo tó wá ń tà á, olè ni. Ó ń ta iṣẹ́ oníṣẹ́. Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe rí i, mi ò sì ní yí i padà torí pé ọkọ̀ náà lẹ́wà.

Bí ẹ ṣe lè dá a mọ̀: ẹ béèrè pé kó fi àwòrán bí iṣẹ́ ṣe bẹ̀rẹ̀ hàn yín. Ẹni tó ya á fúnra rẹ̀ máa ní in. Ẹ wo fáìlì kn5, èyí tó gbé àwòrán ọkọ̀ náà, bákan náà. Ọkọ̀ tí wọ́n fà jáde látinú géèmù míì sábà máa ń wúwo kọjá ààlà, lods.ini rẹ̀ kì í sì ní ìpele tó fúyẹ́ fún ọ̀nà jíjìn, nítorí náà, tó o bá kó ogún rẹ̀ sójú pápá, kọ̀ǹpútà á bẹ̀rẹ̀ sí í kọsẹ̀. Lórí détà, ẹ máa wo bí fáìlì ṣe tóbi tó kí ẹ tó tẹ̀ ẹ́. Ojú òpó tó ń jẹ́ RaceDepartment tẹ́lẹ̀, tó ti di OverTake báyìí, máa ń fi ìwọ̀n fáìlì àti ohun tí àwọn tó ti lò ó sọ síta. Ẹ ka èyí tí wọ́n ń bú, ẹ má ka ìyìn nìkan.

* * *

Àbúrò náà padà wá: *"Ẹ̀gbọ́n, mo ti gbọ́. Tí ẹ bá jẹ́ èmi, kí lẹ máa fi bẹ̀rẹ̀? Èyí tí mo gbà lánàá náà kò tún dún rárá, ńṣe ló dákẹ́."*

Mo máa pa gbogbo èyí tí kò yege yíyẹ̀wò inú data rẹ́ ná. Lẹ́yìn náà M3 E30, 190E Evo II àti Alfa 155 V6 TI tí Kunos ṣe; wọ́n á jẹ́ òṣùwọ̀n rẹ. Máa wa M3 yẹn ní Zandvoort àti Nürburgring títí wàá fi mọ bí táyà tó dáa ṣe ń sọ̀rọ̀ lórí sítíárìn. Nígbà náà ni kó o wá wá àkójọ Super Touring kan, kan ṣoṣo, tí ẹgbẹ́ kan náà ṣe gbogbo ọkọ̀ inú rẹ̀. Fi kọ̀ǹpútà wa àwọn ọkọ̀ tó kù, kó o wo bóyá wọ́n ń sá wọ inú ara wọn ní kọ́nà àkọ́kọ́. Tí Laguna bá fi ìṣẹ́jú-àáyá mẹ́ta yára ju Mondeo lọ ní ìyípo kan, wọn ò wọn òǹkà wọn.

Ní ti ohùn: ṣí fódà sfx ọkọ̀ náà. Fáìlì .bank àti GUIDs.txt gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀, orúkọ fódà ọkọ̀ sì gbọ́dọ̀ bá èyí tó wà nínú GUIDs.txt mu. Tó o bá ti yí orúkọ fódà padà nígbà tó ò ń tú u, ibẹ̀ ló ti dákẹ́. Dá orúkọ náà padà bó ṣe wà, kó o tún géèmù tan. Tí kò bá tíì dún, kọ ohun tó wà ní ìlà àkọ́kọ́ GUIDs.txt síbí, a máa bá ọ wò ó.